Ṣé dandan ni kí n fi orin sílẹ̀ kí n tó lè di òṣèré?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́, Mọ̀mí. Ọmọ ọdún 23 ni mí, ọmọ Ṣàgámù. Láti kékeré ni mo ti wà nínú kúáyà, mo sì ṣe eré orí ìtàgé dáadáa nígbà tí mo wà ní yunifásítì ní Àgọ́-Ìwòyè. Ọ̀gá kan tó ń ṣe eré àtìgbàdégbà fún tẹlifíṣọ̀n ti pè mí báyìí, ó ní ipa gidi wà nílẹ̀ fún mi. Àmọ́ ó ní kí n jáwọ́ nínú orin, pé èrò ìwòran kì í gba olórin gbọ́ bí òṣèré. Ó tún wá ní kí n bá òun kọ orin tí wọ́n á máa fi bẹ̀rẹ̀ eré náà. Bàbá mi ò tiẹ̀ fẹ́ gbọ́ rárá, wọ́n ní iṣẹ́ alárìnjó kì í ṣe iṣẹ́ ọmọlúàbí. Ṣé kí n yan ọ̀kan ni? Báwo ni àwọn tó ṣe méjèèjì ṣe rí i ṣe?

Ìdáhùn: Ọmọ mi, o kú àròjinlẹ̀. Ohun tó kọ́kọ́ pa mí lẹ́rìn-ín nínú ìwé rẹ ni pé ọ̀gá tó ní kí o fi orin sílẹ̀ náà ló tún ń bẹ̀ ọ́ lọ́wẹ̀ orin. Ibẹ̀ ni kí a ti mú un. Ọ̀gá yìí mọ̀ pé ohùn rẹ níye lórí. Ohun tí kò fẹ́ ni kí ohùn náà máa pawó níbòmíràn, tàbí kí orúkọ rẹ yọ ju ti eré rẹ̀ lọ. Mi ò ní bá a jà lórí ìyẹn, ọjà tirẹ̀ ló ń ná. Ìwọ náà ná tìrẹ.

Má fi orin sílẹ̀, má sì kọ eré náà. Èsì mi kò jù bẹ́ẹ̀ lọ. Àlàyé rẹ̀ ló máa gùn, torí pé ẹni tó bá fẹ́ di méjèèjì mú ní láti mọ̀ pé ohùn méjì ni, owó méjì ni, ìwé àdéhùn méjì sì ni. Ibi tí mo ti ń rí àwọn ọmọbìnrin tí wọ́n ń fi ẹ̀bùn méjì gba owó ẹyọ kan pọ̀ jù.

Ẹni tó bá sọ pé olórin kì í di òṣèré kò mọ ìtàn iṣẹ́ tó ń jẹ. Orin ló bí tíátà Yorùbá tó ń lọ láti ìlú dé ìlú, ibi tí wọ́n sì bí ẹni tó fi ẹsẹ̀ rẹ̀ múlẹ̀ kò jìnnà sí ọ. Òsósà ni, lẹ́bàá Ìjẹ̀bú-Òde, ní ìjọba ìbílẹ̀ Ọ̀dọgbọlú. Ọdún 1916 ni wọ́n bí Hubert Ògúńdé níbẹ̀. Ó ṣe tíṣà, ó ṣe ọlọ́pàá, ṣùgbọ́n orin ṣọ́ọ̀ṣì ló gbé e dé orí ìtàgé. Ní 1944 ó ṣe eré kan fún ìjọ kan ní Èkó, ìtàn inú Bíbélì tí wọ́n ń fi orin sọ. Nígbà tó di 1945 ó dá ẹgbẹ́ tirẹ̀ dúró, ó sì fi iṣẹ́ ọlọ́pàá sílẹ̀ nítorí rẹ̀. Wo orúkọ tó kọ́kọ́ sọ ẹgbẹ́ náà: African Music Research Party. Orin ló fi sórí pátákó. Ọmọ kúáyà bíi tìrẹ, inú ilé kan náà ni ìwọ àti tíátà ti jáde.

Bí wọ́n ṣe máa ń bẹ̀rẹ̀ eré wọn lálẹ́ nìyí. Wọn ò kàn ní ṣí aṣọ ìkélé kí ẹnì kan dìde máa sọ̀rọ̀. Opening glee ló ń ṣáájú. Àwọn obìnrin ẹgbẹ́ á tò wọlé, aṣọ kan náà lọ́rùn gbogbo wọn, ẹsẹ̀ wọn á bọ́ sí ìlù, wọ́n á máa gbe orin. Ọ̀gá fúnra rẹ̀ á jáde sí àárín wọn, á fi orin kí àwọn tó sanwó wọlé, á fi orin sọ ohun tí wọ́n máa rí lálẹ́ ọjọ́ náà. Ìgbà yẹn ni eré tó wọlé. Bí eré bá sì parí, closing glee tún ń dúró, orin àti ijó náà ni. Láàárín méjèèjì, ọmọbìnrin tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jó tán á ti sáré bọ́ aṣọ lẹ́yìn ìtàgé, á ti ró ìró, á ti di ìyàwó ilé tàbí ìyálọ́jà tàbí àjẹ́. Bó bá tún di àsìkò orin, á tún padà di olórin. Kò sẹ́ni tó ń bi í pé èwo ni iṣẹ́ rẹ̀ nínú méjèèjì.

Nínú àwọn obìnrin yẹn, ẹni tí mo fẹ́ kí o mọ̀ jù ni Clementina Oguntimirin, tí ayé wá mọ̀ sí Adéṣẹwà Ògúńdé. Ní 1947 òun àti Ògúńdé jọ lọ sí Lọ́ńdọ̀nù, wọ́n sì kọ́ ijó òyìnbó níbẹ̀ kún èyí tí wọ́n mọ̀ tẹ́lẹ̀. Ro ìyẹn wò ná. Lásìkò tí ọ̀pọ̀ òbí ò jẹ́ kí ọmọbìnrin wọn dé ìdí ìtàgé rárá, òun ti lọ sókè òkun lọ kọ́ṣẹ́ kún iṣẹ́. Ó di gbajúmọ̀ òṣèrébìnrin ẹgbẹ́ náà, ó ń kọrin, ó ń jó, ó ń ṣe ipa, títí ìjàm̀bá ọkọ̀ fi mú ẹ̀mí rẹ̀ lọ ní 1970. Bí ẹnikẹ́ni bá tún sọ fún ọ pé o kò lè ṣe méjèèjì, dárúkọ rẹ̀ fún un.

Kì í ṣe Ìjẹ̀bú nìkan. Ní ẹgbẹ́ Dúró Ládiípọ̀ ní Òṣogbo, Abíọ́dún Dúró-Ládiípọ̀ ló ń ṣe Ọya, ìyàwó Ṣàngó. Ipa yẹn, ẹni tí kò lè fi ohùn orin sunkún kò lè ṣe é. Orin ni ọ̀rọ̀ ẹnu Ọya, bí ohùn bá já lágbedeméjì, eré ti já nìyẹn.

Ẹ̀ka kejì tún wà tí kì í ṣe ti òṣèré, àmọ́ tó yẹ kí ọmọ Rẹ́mọ àti Ìjẹ̀bú fojú sí, ìyẹn wákà. Ọmọ Ìjẹ̀bú ni Bátílì Àlàkẹ́, òun ló kọ́kọ́ gbé wákà sínú àwo orin. Sàláwà Àbẹ̀ní, tí òun náà jẹ́ Ìjẹ̀bú, ṣe àwo àkọ́kọ́ rẹ̀ ní 1976. Wọ́n bí i ní 1961, ṣe ìṣirò rẹ̀ wò. Nígbà tó di 1992, Aláàfin Làmídì Adéyẹmí fi í jẹ Queen of Waka. Kí ló kàn ọ́ nínú èyí? Olórin wákà ò ní ìwé eré lọ́wọ́, ojú agbo ló ti ń ka ojú èèyàn. Ó mọ ẹni tó fẹ́ ná owó, ó mọ ẹni tó ń bínú, ó mọ ìgbà tó yẹ kí orin lọ sílẹ̀ kí oríkì ìdílé kan wọlé. Ìwòye yẹn gan-an ni òṣèré ń wá. Bí òde wákà bá bọ́ sí àdúgbò rẹ, má wulẹ̀ jókòó jẹun, lọ dúró sẹ́gbẹ̀ẹ́ àwọn agberin, kí o wo ojú aṣáájú wọn.

Ìgbà tí tẹlifíṣọ̀n dé ni nǹkan yí padà. October 31, 1959 ni ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n WNTV bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Ìbàdàn, kò sì pẹ́ tí àwọn ẹgbẹ́ eré fi bẹ̀rẹ̀ sí í wọ inú sítúdíò. Àkókò ò gba gbogbo orin yẹn mọ́ níbẹ̀. Èyí tí wọ́n ń fi odidi ìṣẹ́jú pọ̀lọ́pọ̀lọ́ ṣe lórí ìtàgé di orin kúkúrú tó ń gbé orúkọ eré wọlé. Lójú tèmi, orin ìbẹ̀rẹ̀ tí ọ̀gá rẹ ń bẹ̀ ọ́ fún, ọmọ opening glee ni. Iṣẹ́ tí odidi ẹgbẹ́ ń ṣe tẹ́lẹ̀ ló fẹ́ kí ìwọ nìkan fi ìwọ̀nba ìṣẹ́jú àáyá ṣe, kó lè pe ẹni tó wà nílé ìdáná wá síwájú tẹlifíṣọ̀n. Iṣẹ́ ńlá ni, má jẹ́ kí ó pè é ní ohun àfikún.

Ògúńdé fúnra rẹ̀ gbé orin tirẹ̀ wọ inú fíìmù, ó ṣe mẹ́rin láàárín 1979 àti 1988, orin àti ọfọ̀ sì kún inú wọn. Lẹ́yìn tí fídíò agbéléwò dé, ilẹ̀kùn mìíràn ṣí fún obìnrin olóhùn: orin inú fíìmù. Tọ́pẹ́ Àlàbí gba ibẹ̀ kọjá. Ó ti ń ṣe eré, ó ń kọ orin fún fíìmù àwọn ẹlòmíràn, kí àwọn àwo orin ìhìnrere rẹ̀ tó sọ ọ́ di ẹni tí gbogbo ilé mọ̀. Bí ó bá sì jẹ́ pé ọjọ́ orí ló ń bà ọ́ lẹ́rù, rántí Ìdòwú Phillips tí gbogbo wa ń pè ní Ìyá Rainbow, ọmọ Ìjẹ̀bú-Òde. Iṣẹ́ ilé ìwòsàn ló ń ṣe kó tó bọ́ sínú ẹgbẹ́ Òṣùmàrè tí ọkọ rẹ̀ dá sílẹ̀. Ọmọ ọdún 23 ò tíì pẹ́ síbi kankan.

Ó ku bí ìwọ yóò ṣe ṣe é.

Ohùn ìtàgé àti ohùn iwájú kámẹ́rà kì í ṣe ọ̀kan náà, ibi tí ọmọ kúáyà sì ti máa ń kọ́kọ́ kọsẹ̀ nìyẹn. Nínú gbọ̀ngàn, ẹni tó jókòó sí ìlà ẹ̀yìn pátápátá gbọ́dọ̀ gbọ́ ọ láìsí maikirofóònù. Abẹ́ ìhà ni èémí yẹn ti ń wá. Bí o bá ń fi ọ̀fun tì í, lálẹ́ ọjọ́ kejì ohùn á ti há. Bẹ́ẹ̀ ni ojú àti ọwọ́ ṣe gbọ́dọ̀ tóbi, kí ìbànújẹ́ rẹ lè dé ọ̀dọ̀ ẹni tó wà lókèèrè. Kámẹ́rà kò fẹ́ ìkankan nínú rẹ̀. Ó ti sún mọ́ ọ tó bẹ́ẹ̀ tó fi ń rí i tí o bá gbé itọ́ mì. Bí o bá sọ̀rọ̀ níbẹ̀ bí ẹni tó ń darí orin ìjọ, ńṣe ni yóò dà bíi pé o ń bá ẹni tó dúró níwájú rẹ jà.

Ohun mẹ́ta ni mo máa ń bá àwọn akọrin tó ń wọ tẹlifíṣọ̀n wí. Èjìká ni àkọ́kọ́: akọrin máa ń gbé èjìká sókè díẹ̀ kó tó la ẹnu, kó lè kó èémí sínú. Kámẹ́rà rí i, àwọn tó ń wò sì ti mọ̀ pé o fẹ́ sọ̀rọ̀ kí o tó sọ ọ́, ọ̀rọ̀ tó yẹ kó já lu èèyàn lójijì ti bàjẹ́ nìyẹn. Ojú ni èkejì. Kúáyà ti kọ́ ọ pé kí o máa wo ìjọ. Bí o bá wo inú kámẹ́rà bẹ́ẹ̀, dárẹ́kítọ̀ á pariwo, ẹ ó tún un ṣe. Ẹ̀kẹta, aṣọ. Gbohùngbohùn kékeré tí wọ́n ń fi sábẹ́ aṣọ máa ń gbọ́ gbogbo nǹkan. Léèsì líle ń ké nínú rẹ̀, ìlẹ̀kẹ̀ ọrùn ń ké, gèlè tó ń kan yẹtí ń ké. Mo ti rí ibi tí wọ́n ti ní kí ìyá ìyàwó bọ́ gbogbo ìlẹ̀kẹ̀ rẹ̀ nínú eré ìgbéyàwó, torí pé àwọn tó ń gba ohùn sílẹ̀ ò gbọ́ nǹkan mìíràn ju ṣakaṣaka lọ. Níwọ̀n bó ti jẹ́ pé aṣọ tìrẹ ni wọ́n sábà máa ń ní kí o mú wá, mú ti òwú tàbí àǹkárá tó ti rọ̀ mọ́ra.

Eré tẹlifíṣọ̀n tún ní àpọ́nlé tirẹ̀ fún sùúrù. Lórí ìtàgé, ẹ̀ẹ̀kan lálẹ́ ni wàá sunkún. Níwájú kámẹ́rà, wọ́n á ya ẹkún kan náà láti òkèèrè, wọ́n á tún un yà láti ìtòsí, wọ́n á tún un yà láti ẹ̀yìn ẹni tí o ń bá sọ̀rọ̀. Ọwọ́ tí o fi di ife mú nígbà àkọ́kọ́ ni kí o fi dì í mú nígbà gbogbo. Akọrin máa ń ṣe dáadáa níbẹ̀, torí pé ó ti mọ bí a ṣe ń tún ìlà orin kan kọ láìjẹ́ kó yàtọ̀.

Bí ipa rẹ bá ní orin nínú, sítúdíò ni wọ́n á ti kọ́kọ́ gba orin náà sílẹ̀, wọ́n á wá máa lù ú fún ọ lójú iṣẹ́ kí o máa fi ẹnu tẹ̀ lé e. Má kàn máa ya ẹnu. Kọ ọ́ sókè níwọ̀nba, bí wọn ò tilẹ̀ gba ohùn rẹ. Iṣan ọrùn àti àyà máa ń tú àṣírí ẹni tí kò kọrin.

Nípa orin ìbẹ̀rẹ̀ yẹn fúnra rẹ̀: ọ̀rọ̀ ni kí o kọ́kọ́ kọ, kí o kà á sókè bí ẹni ń sọ̀rọ̀ lásán, kí o sì jẹ́ kí ohùn orin gba ibi tí ohùn ọ̀rọ̀ gbà. Ìwọ tó o dàgbà sínú kúáyà mọ àwọn orin ìsìn àtijọ́ tí wọ́n mú ohùn òyìnbó lé lórí, tó jẹ́ pé ẹni tí kò bá mọ ọ̀rọ̀ inú rẹ̀ tẹ́lẹ̀ kò lè gbọ́ ohun tí wọ́n ń wí. Nínú ṣọ́ọ̀ṣì, ìwé wà lọ́wọ́ ìjọ. Ẹni tó ń wo tẹlifíṣọ̀n kò ní ìwé orin lọ́wọ́, bó bá ṣì í gbọ́, á máa fi ṣe yẹ̀yẹ́ kiri ni.

Ó ṣeé ṣe kí wọ́n tún bá ọ wí lórí bí o ṣe ń sọ̀rọ̀, pé Rẹ́mọ pọ̀ lẹ́nu rẹ. Kọ́ Yorùbá tí gbogbo ayé ń sọ lórí tẹlifíṣọ̀n, kó mọ́ ọ lẹ́nu dáadáa, ṣùgbọ́n má pa tilé. Ọjọ́ tí wọ́n bá nílò ìyá àgbà láti Ìpérú tàbí oníṣòwò Ìjẹ̀bú-Igbó, ìwọ ni wọ́n máa wá, torí pé àwọn tó ń fi Rẹ́mọ àti Ìjẹ̀bú ṣe ẹ̀fẹ̀ láìgbọ́ ọ máa ń sú èèyàn.

Tọ́jú ọ̀fun rẹ. Ìṣọ́ òru títí di ìdájí, kí o sì wà ní lọkéṣọ̀n láago mẹ́jọ àárọ̀, ohùn tó ń gbé e kò wọ́pọ̀. Bá olórí kúáyà sọ̀rọ̀ kó má kọ orúkọ rẹ sí òru tí iṣẹ́ bá wà lọ́jọ́ kejì. Omi ni kí o máa mu láti àárọ̀ ṣúlẹ̀. Mi ò ní kí o má jẹ orógbó tí ìyá rẹ fún ọ, àmọ́ ìsinmi ni ohùn tó ti rẹ̀ ń fẹ́. Bí ohùn bá há, má máa sọ̀rọ̀ wúyẹ́wúyẹ́, ìyẹn kì í jẹ́ kí ohùn sinmi, dákẹ́ ni kí o dákẹ́. Bó bá sì há ju ọ̀sẹ̀ mẹ́ta lọ, lọ rí dókítà etí, imú àti ọ̀fun. Ẹ ní OOUTH, ilé ìwòsàn ńlá ti yunifásítì, ní Ṣàgámù níbẹ̀, o ò ní láti wá a lọ sí Èkó.

Ó wá kan ìwé àdéhùn, ibi tí mo fẹ́ kí o ti la ojú rẹ gbàgàdà.

Ìwé méjì ni kí o béèrè lọ́wọ́ ọ̀gá yìí. Èkíní, ti ipa tí o máa ṣe: ọjọ́ mélòó, ìlú wo, aago mélòó, ta ló ń san owó ọkọ̀, níbo lẹ ó sùn, ṣé yàrá àwọn obìnrin wà lọ́tọ̀, ìgbà wo ni owó ń wọlé, kí ni wọ́n á san bí iṣẹ́ bá kọjá ọjọ́ tí ẹ dá. Kọ orúkọ ipa náà síbẹ̀ pẹ̀lú, torí pé mo ti rí ọmọbìnrin tí wọ́n pè fún ipa ọmọ ilé, tó jẹ́ pé waka pass ló bá lójú iṣẹ́, ó gba ẹnu ọ̀nà wọlé, ó gba ẹ̀yìnkùlé jáde, ó parí. Bí ó bá sì ní kí o mú owó wá kí òun tó fún ọ ní ipa, ọ̀rọ̀ ti tán. Ti àwọn tó ń wọ ẹgbẹ́ láti kọ́ṣẹ́ yàtọ̀, wọ́n máa ń gba fọ́ọ̀mù, wọ́n sì máa ń ṣe fírídọ́ọ̀mù tí wọ́n bá parí. Ìwọ kì í ṣe ọmọ ìkọ́ṣẹ́ rẹ̀, òun ló pè ọ́.

Ìwé kejì ni ti orin. Nínú òfin ẹ̀tọ́ oníṣẹ́ ọpọlọ tí Nàìjíríà ń lò báyìí, Copyright Act 2022, ẹni tó bá dá ohùn orin sílẹ̀ ló ni ín ní gbogbo ọjọ́ ayé rẹ̀, àwọn ajogún rẹ̀ sì tún ni ín fún 70 ọdún lẹ́yìn ikú rẹ̀. Ẹni tó kọ ọ́ lórin náà ní ẹ̀tọ́ tirẹ̀ lọ́tọ̀. Òfin yìí kan náà ló ní ẹ̀tọ́ náà kò lè ti ọwọ́ rẹ bọ́ sí ọwọ́ ẹlòmíràn pátápátá àfi nínú ìwé kíkọ. Ìdí nìyẹn tí o fi gbọ́dọ̀ ka gbogbo ìlà tí wọ́n bá gbé síwájú rẹ. Ìlà kan ṣoṣo nísàlẹ̀ ìwé ipa, tó sọ pé ohunkóhun tí o bá dá sílẹ̀ nítorí eré náà di ti ilé iṣẹ́, ti tó láti gba orin rẹ.

Má tà á fún un. Yá a fún un, bí onílé ṣe ń yá èèyàn ní yàrá. Ìwọ lo ni ilé, òun á lò ó fún iye àsìkò tí ẹ jọ sọ, á sì sanwó. Kọ ọ́ sínú ìwé: eré yìí nìkan, kọ́tà mélòó (kọ́tà kan lórí tẹlifíṣọ̀n sábà máa ń jẹ́ ọ̀sẹ̀ 13), ìkànnì wo. YouTube ńkọ́? Èyí ni ọ̀pọ̀ ń gbàgbé. Eré lè parí lórí tẹlifíṣọ̀n kó tún wà ní YouTube kó máa pawó fún ọdún gbọọrọ, orin rẹ ni ẹnu ọ̀nà rẹ̀ nígbà gbogbo. Kọ ọ́ pẹ̀lú pé o lè kọ orin náà lóde àríyá, o sì lè gbé odindi rẹ̀ jáde lórúkọ ara rẹ. Kí orúkọ rẹ fara hàn lẹ́ẹ̀mejì nígbà tí wọ́n bá ń to orúkọ lẹ́yìn eré: bí òṣèré, àti bí ẹni tó kọ orin. Àjọ Nigerian Copyright Commission ní ibi tí a ti ń forúkọ irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ sílẹ̀. Bí o kò forúkọ sílẹ̀, o ṣì ni orin rẹ, ṣùgbọ́n ẹ̀rí dára nígbà tí ẹnu kò bá kò.

Lórí ohun tó sọ pé èrò ìwòran kì í gba olórin gbọ́, ó ní ibi tí òótọ́ wà níbẹ̀, mi ò ní pa irọ́ fún ọ. Bí orin ìhìnrere bá ti sọ ọ́ di ojúlùmọ̀, tí o sì wá ṣe ipa aṣẹ́wó lórí tẹlifíṣọ̀n lọ́jọ́ Jímọ́ọ̀, àwọn kan nínú ìjọ á sọ̀rọ̀ lọ́jọ́ Àìkú. Àwọn mìíràn ò ní pe ìwọ akọrin mọ́. Èyí kì í ṣe ohun tí ìwé àdéhùn lè yanjú. Jókòó, kí o kọ àwọn ipa tí o kò ní ṣe sílẹ̀, kí o tó pàdé ọ̀gá náà, kí o sọ fún un níbẹ̀rẹ̀. Tèmi ni pé kí òṣèré má sá fún ipa ènìyàn burúkú, torí pé ibẹ̀ ni eré wà, ṣùgbọ́n ìwọ lo ń padà sí àga kúáyà, kì í ṣe èmi.

Ti bàbá rẹ. Wọn ò jẹ̀bi tó bí o ṣe rò. Nígbà tí Ògúńdé bẹ̀rẹ̀, òbí kì í fẹ́ gbé ọmọbìnrin sílẹ̀ fún tíátà. Àwọn tó bá sì rí gbà, bí wọ́n bá ti lọ́kọ, ọkọ á ní kí wọ́n jáwọ́, ẹgbẹ́ á tún máa wá ẹlòmíràn tí wọ́n máa kọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀. Ohun tí Ògúńdé ṣe sí i ni pé ó fẹ́ ọ̀pọ̀ nínú àwọn òṣèrébìnrin rẹ̀ níyàwó, kí ẹgbẹ́ má bàa tú. Ọgbọ́n ìgbà yẹn ni, ó sì gba iṣẹ́ là. Àmọ́ bàbá tó bá gbọ́ irú ìtàn bẹ́ẹ̀ ní ẹ̀tọ́ láti béèrè pé ta ló fẹ́ fi ọmọ òun ṣe kí ni. Má fi orúkọ gbajúmọ̀ dá wọn lóhùn. Fi ìwé dá wọn lóhùn: ibi tí iṣẹ́ wà, ọjọ́ tí o máa lọ àti ọjọ́ tí o máa dé, nọ́ńbà ẹni tí wọ́n lè pè. Ní kí ọ̀gá náà wá kí wọn nílé. Ọ̀gá tó mọ iṣẹ́ á wá, èyí tó bá ní ọ̀sán gangan nínú ọ́fíìsì kò tó, àfi kí ìwọ nìkan wá bá òun ní hòtẹ́ẹ̀lì lálẹ́ fún ọdíṣọ̀n, má lọ, bó ti wù kí ipa náà tóbi tó. Mú ẹnì kan dání lọ síbi ọdíṣọ̀n, ì báà jẹ́ àbúrò rẹ.

Kí o sì má gbàgbé pé eré tẹlifíṣọ̀n kì í wà lóṣooṣù. Bí ilé ẹ̀kọ́ kan ní Ṣàgámù tàbí Ìkẹ́nnẹ́ bá ń wá ẹni tó máa kọ́ àwọn ọmọ lórin, gbà á. Òṣèré tí owó ilé rẹ̀ ti kúrò nílẹ̀ máa ń náwó ipa rẹ̀ dáadáa ju ẹni tí ebi ń pa lọ.

Tí o bá padà sọ́dọ̀ ọ̀gá náà, má bá a jiyàn lórí bóyá olórin lè ṣe eré. Sọ fún un pé o gba ipa, o sì máa kọ orin, ìwé méjì lo ń retí. Bó bá gba méjèèjì, ó dára. Bó bá ní ti orin kò nílò ìwé, ṣe ipa rẹ fún un, kó wá akọrin mìíràn. Kó tó di ọjọ́ náà, gba orin náà sílẹ̀ sórí fóònù rẹ bó ṣe wà báyìí, láìsí ìlù, kí o sì fi í ránṣẹ́ sí bàbá rẹ lórí WhatsApp. Ọjọ́ àti aago á wà lára rẹ̀, àwọn náà á sì ti gbọ́ ohun tí wọ́n ń jà lé lórí.